Tíkẹ́ẹ̀tì Tó Dúdú ní Tchaourou

Ẹni tó bá lọ sí òkèèrè tí wọn kò ti gbọ́ èdè rẹ̀, àánú rẹ̀ a máa ṣe ènìyàn. Tèmi yàtọ̀. Òkèèrè tí mo lọ, Yorùbá ni wọ́n ń sọ níbẹ̀, ìyẹn gan-an ló sì kọ́kọ́ sú mi. Ní Tchaourou, gbogbo ohun tí wọ́n bá sọ nípa mi ni mò ń gbọ́. Bí obìnrin méjì bá dúró lẹ́bàá ọ̀nà, tí ọ̀kan ní, "Ará Nàìjíríà tuntun tó wà lọ́dọ̀ Tata Justine nìyẹn, ẹ wo bó ṣe ń rìn bí ẹni tó ní ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì," n kò lè ṣe bí ẹni tí kò gbọ́. Mo máa ń yíjú padà kí wọn pé, "Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin ìyá mi." Ojú á tì wọ́n díẹ̀, lẹ́yìn náà wọ́n á bú sẹ́rìn-ín.

Ṣakí ni mo ti wá. Kò jìnnà, ààlà ló kàn wà láàárín. Ṣùgbọ́n ẹni tí òwò aṣọ rẹ̀ ti wó, tí ewúrẹ́ ti ń sùn nínú ìsọ̀ rẹ̀, ibi tó bá ti ríṣẹ́ ni òkèèrè rẹ̀. Tata Justine mọ ẹ̀gbọ́n ìyá mi láti inú ìjọ. Tata ni wọ́n ń pe obìnrin tó bá tó ìyá ẹni níbẹ̀, ọkùnrin á sì jẹ́ tonton. Iṣu àti kaṣú ni Tata Justine ń rà káàkiri, kò ráyè jókòó sójú kan, ó sì ń wá ẹni tí yóò máa bá a ta lọ́tìrì ìjọba nínú ìsọ̀ páànù kékeré kan nítòsí ojú irin. Mo ní mo lè ṣe é. Lóòótọ́, n kò tíì fọwọ́ kan irú ẹ̀rọ bẹ́ẹ̀ rí láyé mi.

Nígbà tí màmá mi gbọ́ irú iṣẹ́ tó jẹ́ lórí fóònù, orúkọ mìíràn ló fi pè é.

"Tẹ́tẹ́," ó wí. "Ọmọ tí mo gbé lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì nígbà tí kò tíì lè jókòó."

"Màmá, ti ìjọba ni."

"Bí ìjọba bá ta tẹ́tẹ́, tẹ́tẹ́ náà ni. Ìgbà wo lo ń bọ̀ wálé?"

Ìbéèrè yẹn ló fi ń parí gbogbo ọ̀rọ̀ wa látìgbà náà. Èmi náà á bi í léèrè nípa ẹsẹ̀ tó ń dùn ún.

Ẹ jẹ́ kí n sọ bí lọ́tìrì náà ṣe rí, torí ọ̀pọ̀ rò pé idán ni. Nọ́ńbà wà láti orí oókan dé àádọ́rùn-ún. Wọ́n á fa márùn-ún jáde nínú wọn, wọn kì í sì í fà á lẹ́ẹ̀kan lójúmọ́: ti àárọ̀ wà, ti ọ̀sán wà, ti ìrọ̀lẹ́ náà wà. Ẹni tó fẹ́ dánwò á mú nọ́ńbà tirẹ̀. Méjì ni àwọn ará Tchaourou fẹ́ràn jù. Bí méjèèjì bá wà nínú márùn-ún tó jáde, onítọ̀hún ti jẹ nìyẹn. Èyí tó kọ́kọ́ jáde kò ṣe pàtàkì ju èyí tó jáde kẹ́yìn lọ. Bí ọ̀kan bá jáde tí ìkejì kò jáde, kó máa lọ sílé. Èmi ni mo ń tẹ nọ́ńbà sínú ẹ̀rọ, ẹ̀rọ á wá pọ pẹ́pà pẹlẹbẹ kan jáde. Kò sí orúkọ lórí pẹ́pà náà. Ẹni tó bá mú un wá ló ni ín, bí o bá sì sọ ọ́ nù, ó ti di ti ẹni tó he é. Kí wọ́n tó fa nọ́ńbà, ẹ̀rọ á ti ara rẹ̀ pa. Ẹni tó bá sáré dé lẹ́yìn ìyẹn, àfi kó dúró de ti ìgbà mìíràn, bó tilẹ̀ ń sunkún.

Ibi tí wọ́n ti ń rí nọ́ńbà ló máa ń pa mí lẹ́rìn-ín. Ọkọ̀ akẹ́rù kan lè dojú dé lọ́nà Tchatchou, kí iṣu fọ́n ká títì, nọ́ńbà ara ọkọ̀ náà ni àwọn kan á kọ́kọ́ wò kí wọ́n tó bi ara wọn bóyá awakọ̀ ṣèṣe. Orin ìsìn náà ńkọ́? Àwọn ọkùnrin kan wà tó jẹ́ pé ìgbà tí pásítọ̀ bá ń pe nọ́ńbà orin nìkan ni wọ́n máa ń lajú ní ṣọ́ọ̀ṣì. Bí ilẹ̀ ọjọ́ Ajé bá mọ́, wọ́n ti tò síwájú ìsọ̀ mi. Ẹ bi wọ́n léèrè ohun tí ìwàásù dá lé, wọ́n á máa wo ilẹ̀.

Èdè Faransé ló fẹ́ lé mi padà sílé. Ní ilé ẹ̀kọ́, Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n fi kọ́ wa níṣirò, àwọn ará ibẹ̀ sì ti fi Faransé kà á dàgbà. Ọkùnrin kan á dúró, á ní "quatre-vingts", èmi á máa wo ẹnu rẹ̀ bí ẹni ń wo ihò eku. Ní ọjọ́ kan ni Tata Justine jókòó tì mí, inú ti ń bí i.

"Mais, kí ló le níbẹ̀? Quatre, mẹ́rin ni. Vingt, ogún ni. Ogún mẹ́rin ni kí o kà."

Ogún mẹ́rin! Ọgọ́rin tí màmá mi fi ń ka ebè náà ni! Mo rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú mi. Gbogbo ẹ̀rù tí mo fi ń ba ara mi, àṣé bí wọ́n ti ń kà á ní ìlú òyìnbó Faransé lọ́hùn-ún ni wọ́n ti ń kà á lẹ́yìnkùlé wa. Láti ọjọ́ yẹn, ìka mi bẹ̀rẹ̀ sí í yá lórí ẹ̀rọ, mo sì ń fi Faransé díẹ̀díẹ̀ ṣe fáàrí. Mo ń sọ "voilà" àti "d'accord" níbi tó yẹ àti níbi tí kò yẹ.

Síbẹ̀, àdáwà ń bẹ. Ọ̀sán ọjọ́ Àìkú ló burú jù, nígbà tí gbogbo ènìyàn bá wọlé tọ ará wọn lọ, tí èmi nìkan jókòó ti abọ́ oúnjẹ mi. Mo ti rò ó dáadáa, mo sì mọ ohun tó ń dùn mí. Lọ́dọ̀ wa ní Ṣakí, bí o bá kí àgbàlagbà, ohun tó máa bi ọ́ ni pé ọmọ ta ni ọ́. Ní Tchaourou, wọ́n á dá mi lóhùn tọ̀yàyàtọ̀yàyà, wọ́n á béèrè iṣẹ́, wọ́n á béèrè oorun, ṣùgbọ́n wọn kì í bi mí pé ọmọ ta ni mí. Kí ni wọ́n fẹ́ fi ìdáhùn rẹ̀ ṣe? Wọn kò mọ ẹnì kankan nílé wa.

Tonton Gaston ló kọ́kọ́ bi mí. Àgbẹ̀ oníṣu ni láti Goro, abúlé kan lẹ́bàá ìlú, ọkùnrin gígùn kan báyìí tó máa ń rọra sọ̀rọ̀. Gbogbo ọjọ́ ọjà ló máa ń ya ìsọ̀ mi, nọ́ńbà méjì kan náà ló sì máa ń mú: mẹ́tàdínlógún àti mẹ́rìnlélógójì.

"Tonton, ẹ kò tilẹ̀ fẹ́ pààrọ̀ wọn?" mo bi í lọ́jọ́ kan.

"Nọ́ńbà orin méjì tí wọ́n kọ nígbà tí a sin ìyàwó mi ni," ó dá mi lóhùn. "Bí mo bá ti pe nọ́ńbà yẹn, mo ti dárúkọ rẹ̀ lọ́jọ́ náà. Bó bá jáde, bon. Bí kò bá jáde, mo ti dárúkọ rẹ̀." Lẹ́yìn náà ló wojú mi. "Ìwọ ńkọ́? Ọmọ ta ni ọ́ ní Ṣakí?"

Mo sọ fún un. Mo sọ ju ohun tó béèrè lọ. Mo ka ìran wa dé ọ̀dọ̀ ìyá bàbá mi, ó sì ń mi orí bí ẹni tó mọ gbogbo wọn. Ó wù mí láti sunkún lọ́jọ́ náà, ṣùgbọ́n àwọn oníbàárà wà lẹ́yìn rẹ̀.

Ọjọ́ ọjà kan nínú ọyẹ́, iṣu Tonton Gaston tà dáadáa, ó sì fi owó tó nípọn lé nọ́ńbà méjèèjì ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Ó ṣì wà lọ́jà nígbà tí èsì ọ̀sán wọlé. Mo wo ojú ẹ̀rọ. Mo tún un wò. Mẹ́tàdínlógún wà níbẹ̀. Mẹ́rìnlélógójì wà níbẹ̀. Mo fi ìsọ̀ sílẹ̀ láìtì í, mo sáré wọ inú ọjà láìwọ bàtà, mo ń pariwo orúkọ rẹ̀ láàárín òkìtì iṣu.

Nígbà tó gbọ́, ó jókòó sórí iṣu ara rẹ̀. "Páànù," ni ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́ tó jáde lẹ́nu rẹ̀. "Òjò tó ń bọ̀ yìí kò ní bá mi lórí ibùsùn mọ́."

Owó náà pọ̀ ju èyí tí wọ́n ń san nínú ìsọ̀ bíi tèmi. Wọ́n gbọ́dọ̀ gbé tíkẹ́ẹ̀tì lọ sí Parakou, ọ́fíìsì ibẹ̀ kò sì ní ṣí títí di ọjọ́ Ajé. Mo kìlọ̀ fún un bí wọ́n ti kọ́ mi pé ká máa kìlọ̀: "Tonton, ẹ tọ́jú pẹ́pà yìí o. Ẹ má jẹ́ kí omi kàn án, ẹ má jẹ́ kó ya. Bó bá ti bàjẹ́, ó ti bàjẹ́ nìyẹn."

Ó ní kí n fọkàn balẹ̀. Ohun tí gbogbo ọlọ́gbọ́n ará Tchaourou máa ń fi pẹ́pà iyebíye ṣe ló lọ fi í ṣe. Lágbègbè yẹn, ìwé tí ènìyàn bá kà sí gbọ́dọ̀ wọ rọ́bà: ìwé ọjọ́ ìbí, ìwé ìrìbọmi, káàdì ìdìbò. Mo ti rí risíìtì àlùpùpù tí wọ́n fi rọ́bà dì tó ń dán gbinrin. "Plastifier" ni wọ́n ń pè é, oní-fọ́tòkópì tó wà ní òdìkejì títì ló sì máa ń bá wọn ṣe é.

Ohun tí bàbá yìí kò mọ̀, tí oní-fọ́tòkópì kò mọ̀, tí èmi náà kò mọ̀, ni pé pẹ́pà lọ́tìrì kò ní yíǹkì. Ooru ni ẹ̀rọ fi ń kọ ọ́. Ibi tí ooru bá ti kàn án ló ń dúdú. Ẹ̀rọ tí wọ́n sì fi ń lẹ rọ́bà mọ́ ìwé, ooru ni gbogbo iṣẹ́ rẹ̀.

Tonton Gaston padà wá bá mi, ó fi ìka méjì di ohun kan mú.

"Ọmọ mi, mo ti fi rọ́bà dì í. Omi kò lè wọ̀ ọ́ mọ́. Ṣùgbọ́n, bon, ó dúdú díẹ̀."

Díẹ̀ kẹ̀? Ó dúdú bí ìdí ìkòkò. Kò sí nọ́ńbà, kò sí ọjọ́, kò sí ìlà tí ẹ̀rọ máa ń kà. A jọ gbé e sókè sí ìmọ́lẹ̀, à ń wá nọ́ńbà.

Kí oòrùn tó wọ̀, ọ̀rọ̀ náà ti dé etí gbogbo àwọn ọlọ́kadà tó wà ní ìkóríta, bí wọ́n sì ṣe ń sọ ọ́ kọ́ ló ṣe ṣẹlẹ̀. Wọ́n ní ará Nàìjíríà ti fún bàbá ní pẹ́pà onídán, èyí tó ń dúdú fúnra rẹ̀ bí owó bá wọ̀ ọ́. Wọ́n ní ojúlówó rẹ̀ wà lọ́wọ́ mi. Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kejì, Tata Justine wá gbé ẹ̀rọ rẹ̀.

"Ma fille, ọmọbìnrin mi, kì í ṣe pé mo gbà wọ́n gbọ́ o," ó wí, kò sì wò mí lójú. "Mais ìsọ̀ mi ni wọ́n ń wò. Sinmi ná. Bí ọ̀rọ̀ bá yanjú, o padà. Bí kò bá yanjú…" Ó gbé ẹ̀rọ, ó lọ.

Mo pe màmá mi. N kò fẹ́ sọ fún un, ṣùgbọ́n ohùn mi ti tú mi fó.

"Di ẹrù rẹ," ó wí. "Wálé lónìí."

"Bí mo bá lọ báyìí, wọ́n á ní mo gbé owó bàbá sá."

"Kí wọ́n máa sọ ọ́! Ṣé wọ́n mọ̀ ọ́ ni?"

"Ohun tó ń dùn mí nìyẹn, Màmá. Mo fẹ́ kí wọ́n mọ̀ mí."

Bí mo ti sọ ọ́ tán ni mo wá mọ̀ pé òótọ́ ni. Kí ìyẹn tó ṣẹlẹ̀, mo lè kúrò nílùú yẹn nígbàkígbà, kí n má bojú wẹ̀yìn. Ìgbà tí wọ́n fẹ́ lé mi ni mo rí i pé ibẹ̀ ti wọ̀ mí lára.

Ní ọjọ́ Ajé, èmi àti Tonton Gaston wọ ọkọ̀ lọ sí Parakou. Obìnrin tó dá wa lóhùn ní ọ́fíìsì náà jẹ́ ẹni tó gbọ́ Yorùbá, ṣùgbọ́n ojú rẹ̀ le. Ó gba tíkẹ́ẹ̀tì, ó ní, "Ah non." Ó wo iwájú rẹ̀, ó mí kanlẹ̀. Lẹ́yìn náà ló yí i padà. Ní ẹ̀yìn, lábẹ́ rọ́bà, nọ́ńbà wẹ́wẹ́ kan wà tí wọ́n ti tẹ̀ síbẹ̀ láti ilé iṣẹ́ tí wọ́n ti ṣe pẹ́pà náà.

"Èyí, yíǹkì ni," ó wí. "Ooru kò rí i mú. Ẹ má tíì dúpẹ́ o. Màá fi ránṣẹ́ sí Cotonou. Wọ́n á wò ó bóyá ó bá pẹ́pà tí ẹ̀rọ yín fi tẹ tíkẹ́ẹ̀tì tó jẹ lọ́jọ́ náà mu, wọ́n á sì dúró kí àkókò gbígba owó kọjá, kí ẹlòmíràn má lọ mú tíkẹ́ẹ̀tì mìíràn wá. Ta ló tà á?"

"Èmi ni."

"Ìwé ìdánimọ̀ rẹ dà?"

Mo mú ti Nàìjíríà jáde. Ó yẹ̀ ẹ́ wò, ó wojú mi, ó tún yẹ̀ ẹ́ wò. Ó ní ṣé kò sí ẹni tó mọ̀ mí ní Tchaourou.

"Madame, èmi mọ̀ ọ́n," ni Tonton Gaston dá sí i. "Ẹ kọ ọ́ bẹ́ẹ̀. Mo mọ orúkọ bàbá rẹ̀, mo mọ ti ìyá bàbá rẹ̀."

"Tonton, ìwé ni mò ń béèrè."

"Ẹnu mi náà, ìwé ni. Wọn kò kàn tíì fi rọ́bà dì í ni."

Obìnrin náà fẹ́ pa ẹ̀rín mọ́ra, kò ṣeé ṣe fún un. Ó kọ ọ́ sílẹ̀.

Nínú ọkọ̀ tó ń gbé wa padà, bàbá náà yíjú sí mi. Ó ní, "Màá bi ọ́ léèrè lẹ́ẹ̀kan, n kò sì ní bi ọ́ mọ́ láyé. Ṣé o mọ̀ pé yóò dúdú?"

"N kò mọ̀, Tonton."

"Bon. Èmi náà kò mọ̀." Ó gbé fìlà bojú, ó sùn.

Ìdúró náà gùn. N kò ní ẹ̀rọ, n kò ní ìsọ̀. Mo gba iṣẹ́ ẹ̀ṣà kaṣú lọ́dọ̀ obìnrin kan lẹ́bàá títì, níbi tí a ti ń yọ èyí tó jẹrà kúrò nínú èyí tó dára. Àwọn kan á kọjá, wọn kò ní kí mi. Mo ń kí wọn tipátipá, torí èmi kì í ṣe ẹni tí ń jẹ́ kí ènìyàn gbádùn ìkùnsínú rẹ̀. Ṣùgbọ́n ní gbogbo ọjọ́ ọjà, Tonton Gaston á dá àlùpùpù tó gbé e wá dúró níwájú mi, á kí mi ní ohùn rara kí gbogbo títì gbọ́. Tata Justine sọ fún mi pé òun pè é kó wá mú nọ́ńbà rẹ̀ lọ́wọ́ òun, bàbá sì ní ó dìgbà tí ọmọ òun bá padà sídìí ẹ̀rọ. Mo mọ ohun tí nọ́ńbà méjèèjì jẹ́ fún un. Mo gbàdúrà lọ́jọ́ náà bí mi ò ṣe gbà á rí, mo ní Ọlọ́run, bí kò tilẹ̀ ṣe nítorí tèmi.

Ìgbà tí kaṣú ti pọ̀ dé góńgó lọ́jà ni obìnrin Parakou pè. Nọ́ńbà ẹ̀yìn pẹ́pà bá ti ọjọ́ náà mu, àkókò ti kọjá, kò sì sí ẹlòmíràn tó wá. Kí Tonton máa bọ̀ wá gbowó.

Ẹ wá wo àwọn ará ìkóríta! Gbogbo ẹni tó ti bú mi ló di ẹni tó ti mọ̀ látìbẹ̀rẹ̀ pé n kò lè ṣe bẹ́ẹ̀. Tata Justine gbé ẹ̀rọ dé kí n tó wẹ̀, ó mú adìyẹ kan dání, ó ní kò sí nǹkan kan, kí n kàn jẹ ẹ́. Mo jẹ ẹ́. Inú ṣì ń bí mi díẹ̀ sí i, àmọ́ adìyẹ kò ṣẹ̀ mí. Mo lẹ ìwé kan mọ́ ara ìsọ̀, mo kọ ọ́ ní Yorùbá àti ní Faransé pé kí ẹnikẹ́ni má ṣe fi rọ́bà di tíkẹ́ẹ̀tì. Faransé inú rẹ̀ kò ní àṣìṣe kankan. Èmi ni mo kọ ọ́ fúnra mi.

Tonton Gaston kan páànù rẹ̀. Nígbà tó parí, ó wá ní ọjọ́ tí kì í ṣe ọjọ́ ọjà, ó gbé apẹ̀rẹ̀ kan sílẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà mi. Mo rò pé iṣu jíjẹ ni, mo bẹ̀rẹ̀ sí í dúpẹ́.

"Má sè é o," ó wí. "Èbù ni. Mo ti kọ ebè díẹ̀ sí ẹ̀yìn oko mi fún ọ. Ní ọjọ́ Àbámẹ́ta, wá gbìn ín."

"Tonton, èmi kì í ṣe àgbẹ̀. Aṣọ ni mò ń tà nílé."

"Kò ṣe nǹkan. Ilẹ̀ ni kò ní bi ọ́ pé kí lo ń tà." Ó dìde, ó gbọn ṣòkòtò rẹ̀. "Ẹni tó ní iṣu nílẹ̀ ní Goro, quoi, ta ni yóò tún pè é ní àlejò?"

Mo lọ ní ọjọ́ Àbámẹ́ta. Mo gbìn ín pẹ̀lú ọwọ́ ara mi, ẹ̀yìn ń ro mí, èékánná mi kún fún iyẹ̀pẹ̀. Mo ṣì dúró láàárín ebè nígbà tí fóònù dún. Màmá mi ni. Ó béèrè àlàáfíà, mo béèrè ẹsẹ̀, lẹ́yìn náà ló bi mí ní ohun tó máa ń bi mí.

"Ìgbà wo lo ń bọ̀ wálé?"

"Màmá, mo ti gbin iṣu."

Ọmọ àgbẹ̀ ni màmá mi, ó mọ iye oṣù tí iṣu ń lò nínú ilẹ̀. Mo ti múra sílẹ̀ fún ẹkún, mo ti múra sílẹ̀ fún èébú.

"Ṣé o ti bò ó?" ó bi mí.

"Kí ni, Màmá?"

"Orí ebè. Já ewé, kí o fi bo orí rẹ̀, kí o fi erùpẹ̀ díẹ̀ tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀, kí oòrùn má bàa pa á. Lọ ṣe é nísinsìnyí. Bó bá hù, kí o pè mí."